Èsì: Báwo ni oníyèméjì Gíríìkì ṣe ń jẹun?

Ẹ̀gbọ́n, ẹ béèrè pé bí Pyrrho, amòye Gíríìkì àtijọ́, àti àwọn ọmọlẹ́yìn rẹ̀ bá ń ṣiyèméjì lórí gbogbo nǹkan, kí ló ń mú wọn jẹun. Wọn ò sẹ́ ohun tó hàn sí wọn o. Sextus Empiricus, ọ̀kan nínú wọn tó kọ ẹ̀kọ́ wọn sínú ìwé, fi oyin ṣàpẹẹrẹ: ó dùn lẹ́nu wa, kò sí àríyànjiyàn. Ṣùgbọ́n ó ń korò lẹ́nu ẹni tí ibà pọ́njúpọ́ntọ̀ ń ṣe. Ta wá ni ká gbà gbọ́? Bí ẹ̀rí méjèèjì bá wúwo bákan náà, wọ́n á dá ìdájọ́ dúró, epochē nìyẹn, ọkàn wọn á sì balẹ̀. Ebi, àṣà ìlú àti iṣẹ́ ọwọ́ ló kù tó ń darí wọn. Àwọn tó ń ní “a ò lè mọ nǹkan kan” ló ń ṣì í: ìdájọ́ nìyẹn náà! Sextus ní àwọn oníyèméjì ṣì ń wádìí ni.