Omi tó há sí etí aláàwẹ̀

Ìbéèrè: Àsàlámù àlékún, Alfa wa. Láfẹ́nwá ni mò ń gbé, ní Abẹ́òkúta níbí. Nínú ààwẹ̀ Ramadan tó kọjá, mo wẹ ìwẹ̀ jánábà (ìwẹ̀ dandan lẹ́yìn ìbálòpọ̀ tàbí àlá ìbálòpọ̀) lẹ́yìn tí wọ́n ti pe ìrun àsùbáà, omi sì wọ etí mi ọ̀tún, kò jáde títí di ìrọ̀lẹ́. Ṣé ààwẹ̀ mi bàjẹ́? Ṣé kí n tún ìwẹ̀ náà wẹ̀ ni?

Ìdáhùn: Wàálékúmú sàlámù. Ààwẹ̀ yín kò bàjẹ́, ìwẹ̀ yín sì pé. Bí ilẹ̀ bá mọ́ bá èèyàn pẹ̀lú jánábà, kò ba ààwẹ̀ rẹ̀ jẹ́. Àíṣà àti Umu Sálámà, àwọn ìyàwó Ànábì, sọ pé ó máa ń rí bẹ́ẹ̀ fún Ànábì (kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a), yóò sì wẹ̀, yóò sì gba ààwẹ̀ rẹ̀ lọ.

Ọ̀fun ni àwọn onímọ̀ Maliki, ìlànà òfin Isilaamu tí àwa ń tẹ̀lé nílẹ̀ Yorùbá, ń wò nínú ọ̀rọ̀ yìí. Wọ́n ní bí omi bá gba etí dé ọ̀fun, aláàwẹ̀ yóò san ọjọ́ náà padà. Bí kò bá dé ibẹ̀, kò sí nǹkan lọ́rùn rẹ̀. Omi inú etí kì í sì í dé ọ̀fun, nítorí awọ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ kan dí ìsàlẹ̀ ihò etí pa, àfi lára ẹni tí awọ náà ti lu. Imú ló yàtọ̀, torí òun ló ṣí sí ọ̀fun gbayawu, òun sì ni Ànábì ní kí aláàwẹ̀ má ṣe fa omi sí jìnnà nígbà àlùwàlá. Ní ti oògùn tí a ń kán sí etí, àpéjọ àwọn onímọ̀ òfin Isilaamu tó jókòó ní Jidda ní 1997 kà á mọ́ ohun tí kò ba ààwẹ̀ jẹ́, bí aláàwẹ̀ kò bá ti gbé èyí tó dé ọ̀fun rẹ̀ mì. Ẹni tí ara rẹ̀ lè gbà á, tó dúró di ìgbà ìṣínu, ni mo fara mọ́ jù.

Nínú ìwẹ̀, dandan ni kí omi kan ara etí àti kọ̀rọ̀ rẹ̀ gbogbo. Fífi ìka tútù nu ihò rẹ̀ jẹ́ sunna, ìṣe Ànábì tí kì í ṣe dandan. Kò sí ẹni tó ní kí a rọ omi sínú ihò náà, bí ọ̀pọ̀ wa ti ń gbé odindi bọ́kẹ́ẹ̀tì dà lé ẹ̀gbẹ́ orí. Ohun tí wọ́n kọ́ wa ni pé kí a bu omi sí àtẹ́lẹwọ́, kí a tẹ etí lé e, nítorí ìpalára.

Bí omi bá tún wọ̀ ọ́, ẹ dorí kọ ẹ̀gbẹ́ náà, kí ẹ rọra fa etí sẹ́yìn. Ẹ má ki igi òwú bọ̀ ọ́. Bí ó bá ń ro yín tàbí tó ń ṣọyún, ẹ lọ rí dókítà. Ọyún náà kò ba àlùwàlá jẹ́ lọ́dọ̀ Maliki, ẹ kàn fọ̀ ọ́ kúrò lára. Bí dókítà bá ní kí omi má ṣe kan etí ọ̀hún, ẹ fi ọwọ́ tútù pa á lórí. Bí ìyẹn náà bá lè ṣe é léṣe, ẹ fi òwú bò ó, kí ẹ sì fi ọwọ́ tútù pa òwú náà.