Ǹjẹ́ Dawn Staley ti fẹ̀yìn tì nínú bọ́ọ̀lù gbígbá kí ó tó di akọ́nimọ̀ọ́gbá?

Màmá, ìdáhùn sí ìbéèrè tí ẹ fi ránṣẹ́ láti Òkè-Fìà, ní Òṣogbo níbí, nítorí ọmọbìnrin yín tó ń gbá bọ́ọ̀lù alájùsáwọ̀n, ni pé Staley, agbábọ́ọ̀lù alájùsáwọ̀n ọmọ Amẹ́ríkà, kò tíì fẹ̀yìn tì nígbà náà. Ọdún 2000 ni Staley gba iṣẹ́ akọ́nimọ̀ọ́gbá ní Yunifásítì Temple, ní Philadelphia tí wọ́n ti bí i, síbẹ̀ ó ń gbá bọ́ọ̀lù ní WNBA, ìyẹn líìgì bọ́ọ̀lù alájùsáwọ̀n àwọn obìnrin ní Amẹ́ríkà, títí di 2006, ó sì gba wúrà Òlíḿpíìkì rẹ̀ ẹlẹ́ẹ̀kẹta ní 2004. Iṣẹ́ ńlá ni, ẹ jọ̀ọ́.

Ní 2008 ó lọ sí Yunifásítì South Carolina, ó sì gba ife NCAA, ìyẹn ìdíje àwọn yunifásítì Amẹ́ríkà, ní 2017, 2022 àti 2024. Èyí tó wú mi lórí jù ni ti àwọ̀n tí àwọn tó bá gba ife máa ń gé kúrò lára agbọ̀n: Carolyn Peck, akọ́nimọ̀ọ́gbá tó gba ife náà ní 1999, fún un ní ègé àwọ̀n tirẹ̀, Staley sì fi í pamọ́ sínú pọ́ọ̀sì, lẹ́yìn tí òun náà gba ife ní 2017, ó gé àwọ̀n tirẹ̀ sí wẹ́wẹ́, ó sì fi ránṣẹ́ sí àwọn obìnrin aláwọ̀ dúdú tí wọ́n jọ ń ṣe iṣẹ́ akọ́nimọ̀ọ́gbá.