Ìbéèrè Òǹkàwé: Tẹlifíṣọ̀n òkú àti omi kànga

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́, ẹ̀yin olóòtú. Lẹ́yìn ṣọ́ọ̀bù wa ní Ọjọ́, l'Ékòó, wọ́n ń da tẹlifíṣọ̀n tókùnbọ̀ tó ti kú sílẹ̀, àwọn ọmọdé sì ń jó wáyà nítorí kọ́pà. Ṣé omi kànga wa ò léwu báyìí?

Ìdáhùn: Ó lè léwu. Òjé (lead), irin olóró kan, wà nínú dígí tẹlifíṣọ̀n àtijọ́, àwọn tí ẹ̀yìn wọn tóbi. Tí wọ́n bá fọ́ ọ, òjò á máa fọ̀ ọ́ wọlẹ̀. Kì í rùn, ẹnu kì í sì í mọ̀ ọ́n nínú omi. Ẹ má tan ara yín pé ẹ ó sè é: omi ló ń dín kù, òjé á tún wá ki sí i. Ẹ gbé omi náà lọ fún àyẹ̀wò, kí ẹ sì dárúkọ òjé, nítorí àyẹ̀wò kòkòrò kò ní fi í hàn. Kò gbọdọ̀ ju mílígíráàmù 0.01 lọ nínú lítà kan.

Èéfín rọ́bà wáyà ń da májèlé dioxin sórí ilẹ̀. Adìẹ tó ń jẹ̀ níbẹ̀ á kó o sínú ẹyin, ẹ má jẹ ẹ́. Kọ́pà tí wọ́n fi ọ̀bẹ bó tiẹ̀ lówó lórí ju èyí tó jóná lọ! Ẹ wọ́n omi sí eérú kí ẹ tó gbá a, kí àwọn ọmọ sì fọwọ́ kí wọ́n tó jẹun, torí ọpọlọ wọn ni òjé ń bà jẹ́ jù.

Ẹ ya fọ́tò, ẹ kọ ọjọ́ sí i, ẹ mú un lọ sí LASEPA, àjọ ìjọba Èkó tó ń dáàbò bo àyíká. Ẹ̀rọ tó ti kú kì í ṣe ọjà, pàǹtírí ni. Pàǹtírí sì ṣeé dá padà: ní 1988, májèlé tí wọ́n kó láti Ítálì wá sí ìlú Kókó, tó wà ní Ìpínlẹ̀ Delta òde òní, wọ́n kó o padà.