Owó orí tí mò ń san, ṣé kò lè dípò sàká?

Ìbéèrè: As-salāmu alaykum, Àfáà wa. Aṣọ ni mò ń tà ní Gbági, n'Ìbàdàn. Mò ń san owó orí, mo sì ń pín ìrẹsì lẹ́nu ọ̀nà mi nínú Ràmàdáánì. Ọmọ mi ní ẹni tó ṣe làálàá ló lowó rẹ̀, pé kí n yéé yọ sàká fún ọ̀lẹ. Kí lẹ rí sí i?

Ìdáhùn: Wa alaykumus-salām, Alhaja. Ọlọ́hun á bù sí ọjà yín.

Ìsìláàmù ò ní kí ọlọ́jà má jèrè. Ànábì wa (kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a) gan-an ti gbé ọjà Khadija lọ tà ní Ṣáàmù, ìyẹn agbègbè Síríà. Òun náà ló sì sọ pé kò sí ìpín nínú sàká fún ọlọ́rọ̀, tàbí fún alágbára tó ń ríṣẹ́ jẹ. Níbi tọ́rọ̀ ọ̀lẹ dé, ọmọ yín ò jayò pa. Àmọ́ alábàárù tó ń ru bẹ́ẹ̀lì aṣọ yín látàárọ̀, tí owó ọjọ́ rẹ̀ ò tó oúnjẹ àti owó ilé, ṣé ọ̀lẹ nìyẹn náà? Sūratul-Ma'ārij nínú Àlùkùránì ní ẹ̀tọ́ tí a mọ̀ ń bẹ nínú dúkìá onígbàgbọ́ fún ẹni tó ń tọrọ àti aláìní. Ẹ̀tọ́ ni wọ́n pè é, Alhaja. Owó olówó ló wà nínú dúrọ́ọ̀ yín yẹn.

Nígbà tí dúkìá àwọn Banu Nadir, ẹ̀yà Júù kan ní Mọ̀dínà, bọ́ sọ́wọ́ Mùsùlùmí láìjagun, àwọn tó fi ilé sílẹ̀ ní Mákà ni Ànábì pín in fún jù. Àlùkùránì sọ ìdí rẹ̀ nínú Sūratul-Hashr: kó má baà jẹ́ àárín àwọn ọlọ́rọ̀ yín nìkan ni yóò máa yí. Àáyà yìí àtàwọn tó tẹ̀ lé e ni Umar, arólé Ànábì kejì, dì mú nígbà táwọn jagunjagun ní kó pín ilẹ̀ Ìráàkì tí wọ́n ṣẹ́gun fáwọn. Ó kọ̀. Ó ní kí ló máa kù fáwọn tó ń bọ̀ lẹ́yìn? Ó fi ilẹ̀ sílẹ̀ fún àgbẹ̀, ó bu ìṣákọ́lẹ̀ lé e. Tèmi ni pé owó tí a bá fi sílẹ̀ fúnra rẹ̀, ilé olówó ló ń padà sí.

Owó orí ò lè dípò sàká. Irú ènìyàn mẹ́jọ tí Sūratut-Tawbah kà ló ni sàká. Ìrẹsì yẹn, sàárà ni, Ọlọ́hun á gbà á.

Tí ọdún ojú òṣùpá bá yípo, ẹ ka ọjà ní iye tó ń lọ lọ́jọ́ náà, kì í ṣe iye tẹ́ ẹ rà á. Ẹ fi owó báńkì kún un, àti gbèsè tó dá yín lójú pé wọ́n á san. Ẹ yọ gbèsè tẹ́ ẹ jẹ. Ẹ má ka gẹnẹrétọ̀ àti pẹpẹ ṣọ́ọ̀bù mọ́ ọn. Tó bá tó iye wúrà gíráàmù 85, ìdá 2.5 nínú 100 ni. Ká ní mílíọ̀nù 40 ni, mílíọ̀nù 1 náírà nìyẹn.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má ṣẹ́ ẹ sí ẹgbẹ̀rún kan kan fún èrò ẹnu ọ̀nà. Umar ní tí ẹ bá fúnni, kí ẹ fún un débi tí yóò fi tó o. Ẹ pe alábàárù yẹn, kẹ́ ẹ bi í iye tí wọ́n ń ta ọmọlanke báyìí.