Màálù jẹ oko mi: ọlọ́pàá ni kí n lọ bá ni, àbí Àmọ̀tẹ́kùn?

Ìbéèrè: Lọ́yà, ẹ kú iṣẹ́ o. Oko ẹ̀gẹ́ mi wà lọ́nà Ìta-Ògbólú. Màálù wọ̀ ọ́ lóru, wọ́n sì jẹ ẹ́ kanlẹ̀. Mo dé tẹ́ṣàn, wọ́n ní òfin gómìnà nìyẹn, pé Àbújá ló ni àwọn, kí n lọ bá Àmọ̀tẹ́kùn. Ta ni kí n gbọ́ tirẹ̀? Ìyá àgbẹ̀, Àkúrẹ́.

Ìdáhùn: Màmá, ẹ kú ìrọ́jú. Ìdajì òótọ́ ni wọ́n sọ fún yín.

Òfin Ìpínlẹ̀ Oǹdó ló ka fífi màálù jẹko káàkiri léèwọ̀ lóòótọ́. Gómìnà Akérédolú buwọ́ lù ú lọ́dún 2021. Àbújá ló sì ni ọlọ́pàá. Abala 214 nínú ìwé òfin ọdún 1999 ní ẹyọ kan ṣoṣo ni ti gbogbo Nàìjíríà. Abala 215 gbà kí gómìnà pàṣẹ fún kọmíṣọ́nnà ọlọ́pàá lórí ààbò ìlú, àmọ́ kọmíṣọ́nnà lè ní kí wọ́n kọ́kọ́ gbé e dé ọ̀dọ̀ Ààrẹ. (Ẹ ò rí i pé orúkọ ńlá lásán ni “olórí ààbò ìpínlẹ̀” tí à ń pe gómìnà!)

Ṣùgbọ́n ọlọ́pàá tó ń ṣiṣẹ́ l'Ákùúrẹ́, òfin Oǹdó kàn án. Ohun tí Ilé Aṣòfin wa bá pè ní ẹ̀ṣẹ̀, iṣẹ́ rẹ̀ ni láti mú ẹni tó dá a.

Àmọ̀tẹ́kùn ńkọ́? Nígbà tí àwọn gómìnà ilẹ̀ Yorùbá dá ẹ̀ṣọ́ ààbò yìí sílẹ̀ lọ́dún 2020, Àbújá kọ́kọ́ ní kò bófin mu, kí wọ́n tó jọ fẹnu kò pé kí ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan ṣòfin tirẹ̀. Àwọn Àmọ̀tẹ́kùn lè mú darandaran, ṣùgbọ́n ọlọ́pàá ni wọ́n ń fà á lé lọ́wọ́.

Àmọ̀tẹ́kùn ni èmi yóò kọ́kọ́ pè, torí wọ́n mọ inú igbó. Kí òjò tó pa ojú ẹsẹ̀ màálù rẹ́, ẹ ya fọ́tò rẹ̀ àti igi ẹ̀gẹ́ tó ṣẹ́, kí igi ọ̀pẹ tàbí ohun mìíràn tí aládùúgbò mọ̀ hàn nínú ẹ̀. Ẹ pe òṣìṣẹ́ ètò ọ̀gbìn ìjọba ìbílẹ̀ kó ka ebè tó bàjẹ́, kó sì kọ iye rẹ̀ sílẹ̀. Lẹ́yìn náà, ẹ kọ ìwé ẹ̀sùn sí tẹ́ṣàn. Bí wọ́n bá kọ̀ ọ́, ó di olú iléeṣẹ́ ọlọ́pàá lọ́nà Ìgbátòrò, lórúkọ kọmíṣọ́nnà. Ẹ má kúrò níbẹ̀ láìgba ẹ̀dà tí wọ́n lu òǹtẹ̀.

Bí ẹ bá mọ ẹni tó ni màálù, ẹ lè pè é lẹ́jọ́ kó san owó ohun tó bàjẹ́ lóko yín, láìdúró de ọlọ́pàá tàbí Àmọ̀tẹ́kùn.