Èsì: Ìwé Helen Oyeyemi wo ló ń dẹ́rù bani?
Ẹ kú ìwé kíkà. Níwọ̀n bí Gingerbread, ìwé Oyeyemi tí ẹ ti kà, kò ti dẹ́rù bà yín, The Icarus Girl (2005) ni kí ẹ mú, èyí tí Oyeyemi, tí wọ́n bí ní Nàìjíríà ní 1984 tó sì dàgbà sí Lọ́ńdọ̀nù, kọ nígbà tó ṣì wà ní ilé-ìwé girama.

Nínú ìwé náà, Jess, ọmọ ọdún 8, pàdé ọ̀rẹ́ abàmì kan ní àgbàlá bàbá ìyá rẹ̀ n'Ìbàdàn, kó tó wá gbọ́ pé ìbejì ni òun, èkejì òun ló kú. Ẹni tó bá mọ ìdí tí a fi ń gbẹ́ ère ìbejì yóò tètè bẹ̀rù.

Bó bá jẹ́ ilé abàmì lẹ ń wá, White Is for Witching (2009) ni: ilé kan ní ìlú Dover nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ń sọ̀rọ̀, ọmọbìnrin inú rẹ̀ ń jẹ ṣọ́ọ̀kì. Ẹ rọra kà á, nítorí àwọn asọ̀tàn ń gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu ara wọn.