Ìjọba fòpin sí iṣẹ́ tí wọ́n gbé fún mi: èló ni mo lè gbà?

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́, agbẹjọ́rò. Agbaṣẹ́ṣe ni mí. Àjọ ìjọba àpapọ̀ kan gbé iṣẹ́ gọ́tà àti ojú ọ̀nà fún mi ní ₦120 mílíọ̀nù. Mo ti gba ₦38 mílíọ̀nù nígbà tí wọ́n kọ lẹ́tà pé àwọn ti fòpin sí àdéhùn náà, wọn kò sì sọ ìdí kankan. Katapílà tí mo yá ṣì wà lójú iṣẹ́. Ṣé mo lè pè wọ́n lẹ́jọ́ kí n gba ₦82 mílíọ̀nù tó kù? Ọ̀rẹ́ mi kan ní oṣù mẹ́ta péré ni òfin fún mi.

ÌDÁHÙN: Ẹ kú ìnira o. Kò sí bí ẹ ṣe lè rí ₦82 mílíọ̀nù gbà, nítorí pé owó iṣẹ́ tí ẹ kò tíì ṣe, owó simẹ́ǹtì tí ẹ kò rà àti owó lébìrà tí ẹ kò san ló pọ̀ jù nínú rẹ̀. Ipò tí ẹ ì bá wà bí wọ́n bá mú àdéhùn ṣẹ ni owó gbà-má-bínú máa ń dá ènìyàn padà sí, kò sì gbọdọ̀ kọjá bẹ́ẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká ṣírò rẹ̀. Ká ní iṣẹ́ tó wà nílẹ̀ tó ₦50 mílíọ̀nù. Bí ẹ bá yọ ₦38 mílíọ̀nù tí ẹ ti gbà, ó ku ₦12 mílíọ̀nù. Iṣẹ́ tó ṣẹ́ kù jẹ́ ₦70 mílíọ̀nù. Bí ẹ ó bá ná ₦60 mílíọ̀nù láti parí rẹ̀, èrè tó bọ́ lọ́wọ́ yín jẹ́ ₦10 mílíọ̀nù. Àpapọ̀ rẹ̀ jẹ́ ₦22 mílíọ̀nù, láìka èlé àti ohun èlò tí ẹ ti kó sílẹ̀.

Kí ẹ tó gbẹ́kẹ̀ lé èrè yẹn, ẹ ṣí ìwé àdéhùn yín síbi tó ti sọ̀rọ̀ nípa fífòpin sí iṣẹ́. Ọ̀pọ̀ àdéhùn ìjọba ló fún ìjọba láṣẹ láti dá iṣẹ́ dúró nígbà tó bá wù ú, bí agbaṣẹ́ṣe kò tilẹ̀ ṣẹ̀. Bí ó bá wà níbẹ̀, tí wọ́n sì tẹ̀ lé ìlànà rẹ̀, owó iṣẹ́ tí ẹ ti ṣe, owó ohun èlò àti owó ìkẹ́rù kúrò ni ẹ sábà máa rí gbà. Bí kò bá sí, wọ́n ti da àdéhùn nìyẹn, ẹ sì lè béèrè èrè náà.

Ẹ dá katapílà padà lónìí. Láti ìgbà ẹjọ́ Hadley àti Baxendale nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní 1854, òfò tó ti inú dída àdéhùn wá gan-an, tàbí èyí tí ẹ̀yin méjèèjì mọ̀ pé ó lè wáyé, ni òfin máa ń wò. Ẹni tó pàdánù sì gbọ́dọ̀ sapá kí òfò náà má pọ̀ sí i.

Ibi tí ọ̀ràn yìí ti máa ń bàjẹ́ jù ni ẹ̀rí. Ẹ kọ̀wé sí ẹnjiníà àjọ náà lọ́sẹ̀ yìí, kí ẹ jọ fi téèpù wọn gọ́tà náà láti orí dé ìdí, kí ẹ sì jọ buwọ́ lu ìwé ìwọ̀n náà kí agbaṣẹ́ṣe mìíràn tó da kọnkéré lé e lórí. Oníbàárà mi kan kó rìsíìtì òkúta kún àpò wá: ọ̀pọ̀ wọn kò ní déètì, òmíràn kò ní orúkọ ẹni tó tà á. Mo fi ojú ara mi rí gọ́tà tí ó ṣe, ṣùgbọ́n a kò rí ìwé tí adájọ́ lè gbára lé, ó sì ń dùn mí títí dòní.

Bí owó tí ẹ ti fi ìwé béèrè bá ti lé ní ọjọ́ 60 lọ́wọ́ wọn, abala 37 nínú Òfin Ìra-nǹkan Ìjọba ti 2007 sọ pé ó gbọ́dọ̀ so èlé, ní iye tí ìwé àdéhùn bá sọ.

Ní ti oṣù mẹ́ta, òfin tó ń dáàbò bo òṣìṣẹ́ ìjọba ni ọ̀rẹ́ yín ń tọ́ka sí. Láti 1974, nínú ẹjọ́ NPA (àjọ tó ń bójú tó èbúté ọkọ̀ ojú omi) àti ilé iṣẹ́ Construzioni Generali Farsura Cogefar, ni Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ ti sọ pé irú ààbò bẹ́ẹ̀ kò kan ọ̀ràn àdéhùn. Ní Èkó, ọdún 6 ni òfin fún ẹni tí wọ́n bá da àdéhùn rẹ̀. Ṣùgbọ́n òfin àwọn àjọ mìíràn ní kí ẹ kọ́kọ́ fún wọn ní ìwé ìkìlọ̀, ìwé àdéhùn yín sì lè ní kí ẹ gbé ọ̀ràn náà lọ sọ́dọ̀ onílàjà lábẹ́ òfin ìlàjà (Arbitration and Mediation Act) ti 2023. Kí agbẹjọ́rò yín yẹ méjèèjì wò kí ó tó gbé ìwé ẹjọ́ wọlé.